Ta Ni Yóò Tọ́jú Sinimá Àtijọ́?

Parakou ni ìlú tó tóbi jù lọ ní àríwá Orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀. Èdè Baatonu, Dendi àti Yorùbá ló ń dún nínú ọjà rẹ̀. Ìlú ọba ni pẹ̀lú, gbogbo ìlú ọba ló sì mọ̀ pé oríkì kì í parun bí ẹnu tó ń kì í bá pọ̀. Sinimá Yorùbá àtijọ́ kò rí irú ẹnu bẹ́ẹ̀.

Ní 1976 ni Ọlá Balógun ṣe Àjàní Ògún, sinimá gígùn àkọ́kọ́ ní èdè Yorùbá. Dúró Ládípọ̀, ẹni tó fi eré Ọba Kò So gbé ìtàn Ṣàngó, Aláàfin Ọ̀yọ́, dé òkè òkun, kópa nínú rẹ̀. Ó papòdà ní 1978. Bí irú sinimá bẹ́ẹ̀ bá sọnù, ìrìn àti ohùn irú èèyàn bẹ́ẹ̀ bá a lọ.

Ní 1979, Hubert Ògúńdé gbé Aiyé jáde. Ẹ̀dà sinimá wọ́n nígbà náà, ilẹ̀ òkèèrè ni wọ́n sì ti ń fọ̀ wọ́n. Nítorí ìbẹ̀rù olè, àwọn tó ni iṣẹ́ máa ń gbé ẹ̀dà díẹ̀ tí wọ́n ní láti ìlú dé ìlú fúnra wọn, wọ́n á sì gbé e padà sílé. Olè kò rí i jí. Ṣùgbọ́n bí ooru bá ba ti ọwọ́ wọn jẹ́, kò sí òmíràn.

Ní Jámánì, ilé ẹjọ́ pàṣẹ ní 1925 pé kí wọ́n run gbogbo ẹ̀dà Nosferatu, sinimá 1922, nítorí pé wọ́n mú un láti inú ìwé Dracula láìgba àṣẹ. Ẹ̀dà tó ti bọ́ sọ́wọ́ àwọn èèyàn níbòmíràn ni ayé ń wò lónìí.

Ẹni tó ń gbé kásẹ́ẹ̀tì gbígbó sórí íntánẹ́ẹ̀tì láìgba àṣẹ náà ń tọ́jú, ó sì ń jalè. Túndé Kèlání ti pariwo léraléra lórí àdánù tí irú olè bẹ́ẹ̀ kó bá a. Ẹni tí kò jèrè iṣẹ́ rẹ̀, agbára káká ni yóò fi ṣe òmíràn.

Ọ̀nà kẹta wà. Shaihu Umar, sinimá èdè Haúsá tí Adamu Halilu ṣe ní 1976, ti di ohun ìgbàgbé kí wọ́n tó rí i ní ilé ìpamọ́ ìjọba ní Jos ní 2016. Wọ́n tún un ṣe ní Berlin, wọ́n sì fi í han aráyé níbẹ̀ ní 2018.

Kí ẹni tó ni iṣẹ́ fọwọ́ sí i; kí ẹ̀dà kan wà ní Jos, kí òmíràn wà ní Porto-Novo, kí Yunifásítì Parakou náà ní tirẹ̀. Ààfin kì í fi ìtàn ọba sí ẹnu arọ́kin kan ṣoṣo.