Èso Tútù àti Èso Gbígbẹ: Àgbéyẹ̀wò Òwò Èso Bẹ́rì ní Uzbekistan

Èrò kan ti di kíkọ lákọtúnkọ nínú àwọn ìwé tó dá lórí ọrọ̀ ajé Àárín Gbùngbùn Éṣíà, pé òwò èso bẹ́rì ní Uzbekistan kò dàgbà ju ọdún 2017 lọ, àti pé àtúntò tí Ààrẹ Shavkat Mirziyoyev bẹ̀rẹ̀ lẹ́yìn ikú Islam Karimov, ààrẹ tó ṣáájú rẹ̀, ní 2016 ló bí i. Àwọn tó di èrò yìí mú kò ṣàì ní ẹ̀rí lọ́wọ́. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2017 ni ìjọba jẹ́ kí owó sọ̀m, tí í ṣe owó orílẹ̀-èdè náà, bá ojú ọjà mu, tí dọ́là kan tó jẹ́ nǹkan bí sọ̀m 4,200 ní báńkì fi di sọ̀m 8,100 lọ́jọ́ kan ṣoṣo. Ọdún yẹn kan náà ni àṣẹ àdánìkantà bọ́ lọ́wọ́ Uzagroexport, ilé iṣẹ́ tí ìjọba dá sílẹ̀ ní 2016 kí gbogbo èso àti ewébẹ̀ tó ń lọ sí ilẹ̀ òkèèrè lè máa gba ọwọ́ rẹ̀ kọjá, ìgbà náà sì ni wọ́n ṣí ẹnubodè Dostuk, tó já sí ìlú Osh ní Kyrgyzstan, padà fún àwọn èrò. Gbogbo èyí rí bẹ́ẹ̀, kò sì sí ẹni tó ń bá wọn jiyàn lé e lórí. Ibi tí ẹsẹ̀ wọn ti yẹ̀ ni pé wọ́n mú ẹ̀ka kan nínú òwò náà, wọ́n sì fi orúkọ gbogbo igi pè é.

Ohun tí à ń pè ní bẹ́rì kò yẹ kó gba àkókò níhìn-ín, nítorí ìtumọ̀ ọlọ́jà ni iṣẹ́ yìí ń lò, kì í ṣe ti onímọ̀ ewéko, tí yóò ka tòmátì mọ́ ọn. Èso márùn-ún ni ọ̀rọ̀ kàn jù: sitirọ́bẹ́rì àti rásíbẹ́rì, èso igi tut, ìyẹn igi tí kòkòrò ṣẹ́dà ń jẹ ewé rẹ̀, zirk, èso pupa kékeré tó kan, tó ń so lórí igi ẹlẹ́gùn-ún, tí wọ́n máa ń sè mọ́ ìrẹsì palov, àti chakanda, èso aláwọ̀ ọsàn tó ń hù ní bèbè odò.

Ìyàtọ̀ tí ó yẹ kí onímọ̀ kọ́kọ́ là ni èyí tó wà láàárín èso tútù àti èso gbígbẹ, nítorí pé òun ló ń sọ ẹni tó ń jèrè, ẹni tó ń jẹ gbèsè, ọ̀nà tí ọjà ń gbà, àti bí ọwọ́ ìjọba ṣe lè tó ọjà náà tó. Kí a kọ́kọ́ wo èso tútù. Sitirọ́bẹ́rì kì í pọ́n sí i lẹ́yìn tí a bá ti já a, nítorí náà, kò sí ọgbọ́n kí a gé e ní àìpọ́n bí ọ̀gẹ̀dẹ̀, kí ó máa pọ́n lọ́nà ọjà. Ọjọ́ tó bá pọ́n ni a gbọ́dọ̀ ká a, ọjọ́ tí a bá ká a ni ikú rẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀. Ti rásíbẹ́rì tún burú jù bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí bí a bá já a, oókan àyà rẹ̀ yóò kù sórí igi, èso náà yóò sì ṣófo nínú, tó jẹ́ pé ìwúwo àwọn tó wà lókè ti tó láti tẹ àwọn tó wà nísàlẹ̀ pa. Ní ọjà Chorsu ní Tashkent, lábẹ́ òrùlé rìbìtì aláwọ̀ búlúù tí gbogbo àlejò mọ̀, a lè rí òfin yìí lójú garawa àwọn obìnrin tó ń ta sitirọ́bẹ́rì ní oṣù kárùn-ún: òwúrọ̀ ni owó rẹ̀ máa ń gun òkè, bí oòrùn bá ti ń mú, tí omi pupa sì ń dà sí ìdí garawa, ìyá ọlọ́jà yóò máa já owó lulẹ̀, torí pé èyí tí kò bá tà lónìí kò sí ohun tí yóò fi ṣe lọ́la ju kó fi se jáàmù lọ. Nínú òwò bẹ́ẹ̀, alágbàtà tó ní ọkọ̀ ló ń dá iye, àgbẹ̀ kò lẹ́nu ọ̀rọ̀.

Èso gbígbẹ ní òfin tirẹ̀. Èso tut funfun dùn débi pé kò nílò ṣúgà kankan kí ó tó lè gbẹ. Bí ó bá pọ́n, wọn a tẹ́ aṣọ sábẹ́ igi, wọn a mi ẹ̀ka rẹ̀, èso a sì máa já lulẹ̀ wọ̀ọ̀, ni wọn a bá kó o lọ sá sí òrùlé ilé tàbí sórí ẹní nínú oòrùn fún ọjọ́ díẹ̀, kí wọ́n tó dà á sínú àpò. Ohun tó jáde níbẹ̀ ni wọ́n ń pè ní tutmayiz, tí wọ́n lè jẹ lásán pẹ̀lú tíì tàbí kí wọ́n gún un di ìyẹ̀fun, tí í ṣe tut talqon. Zirk náà ń gbẹ, ó sì ń dúró. Ní ọjà Siyob ní Samarkand, lẹ́gbẹ̀ẹ́ mọ́ṣáláṣí Bibi-Khanym, inú ìsọ̀ àwọn ẹlẹ́ròjà ọbẹ̀ ló ti ń bá èròjà zira gbé láti ọdún dé ọdún. Ẹni tó ní irú ọjà yìí lè fọwọ́ lẹ́rán. Bí owó kò bá dára lóṣù keje, yóò dì í mọ́lẹ̀ di ìgbà òtútù. Bí aṣọ́bodè bá ti ẹnubodè pa, yóò dúró títí wọn yóò fi ṣí i. Kò nílò báńkì, kò nílò iná mànàmáná, kò sì nílò àṣẹ ìjọba kó tó lè gbẹ.

Ẹnìkan lè béèrè pé níbo wá ni èso dídì wà, ìyẹn èyí tí wọ́n fi ẹ̀rọ sọ di yìnyín? Àwọn kan a máa kà á mọ́ gbígbẹ nítorí pé òun náà ń pẹ́ nílẹ̀, àwọn mìíràn a sì fún un ní ìsọ̀rí kẹta. Kò sí èyí tó tọ́ nínú méjèèjì. Kì í ṣe pípẹ́ nìkan ni a fi ń mọ èso gbígbẹ, bí kò ṣe pé ó ń pẹ́ láìsí olùrànlọ́wọ́. Ní oṣù kìíní ọdún 2023, nígbà tí òtútù líle bo Uzbekistan, tí gáàsì wọ́n, tí iná sì ń lọ ní Tashkent gan-an alára, ó hàn gbangba pé ohunkóhun tó bá gbára lé ẹ̀rọ àti iná ń gbé lábẹ́ ewu kan náà pẹ̀lú èso tútù. Nítorí náà, èso tútù tó ń sùn ni èso dídì, kì í ṣe èso gbígbẹ.

Pẹ̀lú ìyàtọ̀ yìí lọ́wọ́, ìtàn òwò náà á gùn ju bí àwọn ọlọ́dún 2017 ṣe rò ó lọ. Arìnrìn-àjò Ibn Battuta, tó gba Khwarezm kọjá ní ọ̀rúndún kẹrìnlá, kọ ọ́ sílẹ̀ pé wọ́n ń gé èso mẹ́lọ̀nì wẹ́wẹ́, wọ́n ń sá a sí oòrùn, wọ́n sì ń kó o lọ tà ní Íńdíà àti Ṣáínà. Ọba Babur, tí wọ́n bí ní Andijan ní 1483, sọ̀rọ̀ nípa èso ápíríkọ́ọ̀tì ìlú Marg'ilon tí wọ́n ń gbẹ, tí wọ́n sì ń fi álímọ́ńdì sínú rẹ̀. Alátakò yóò yára sọ pé mẹ́lọ̀nì àti ápíríkọ́ọ̀tì kì í ṣe bẹ́rì. Òtítọ́ ni, ṣùgbọ́n òrùlé kan náà ni wọ́n ń sá gbogbo wọn sí, àpò kan náà ló ń gbé wọn, ràkúnmí tó ń kó èso gbígbẹ lọ sí Orenburg ní Rọ́ṣíà kò sì bi ẹrù ẹ̀yìn rẹ̀ léèrè irú igi tó so ó. Nígbà tí ojú irin Orenburg sí Tashkent parí ní 1906, ọ̀nà ni ó yára sí i, òwò ti wà nílẹ̀.

Ohun kejì tí èrò náà fojú fò ni tomorqa, ilẹ̀ kékeré tó wà ní àyíká ilé, tí ìdílé ń dáko fún ara rẹ̀. Òfin ọdún 1998 gba ìdílé kan láyè láti ní irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ tó tó hẹ́kítà 0.35, bí ó bá jẹ́ ilẹ̀ tí wọ́n ń bomi rin. Títí di 2020 tí wọ́n fagi lé ìpín òwú tí ìjọba ń bù fún àwọn àgbẹ̀, fermer, ìyẹn àgbẹ̀ tó yá oko ńlá lọ́wọ́ ìjọba, kò lè gbin ohun tó wù ú, torí òwú àti àlìkámà ni ìjọba fẹ́. Ẹ̀yìnkùlé ni èso wà. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń fi ọ̀rá bo sitirọ́bẹ́rì ní àfonífojì Fergana kí ó lè tètè so, ibẹ̀ ni owó tó ń wọlé fún àwọn obìnrin ilé sì ti ń wá nígbà tí òwú kò mú owó gidi wọlé fún ẹni tó ń já a. Bí ó bá jẹ́ pé 2017 ló bí òwò bẹ́rì, ta ló wá ń kún Chorsu pẹ̀lú garawa láti ọdún wọ̀nyẹn wá?

Ohun tí 2017 ṣe gan-an ni pé ó la ọ̀nà fún èso tútù, ọ̀nà náà kò sì rọrùn. Uzbekistan kò ní òkun, àwọn aládùúgbò rẹ̀ márààrún náà kò ní ọ̀nà sí òkun ńlá, tó fi jẹ́ pé ilẹ̀ orílẹ̀-èdè méjì, ó kéré tán, ni ọjà rẹ̀ gbọ́dọ̀ là kọjá kó tó dé etíkun òkun àgbáyé. Lójú títì, ó lé ní kìlómítà 3,000 láti Tashkent dé Mọsíkò, pápá gbalasa Kazakhstan ló sì gba èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀. Láìsí tírélà tó ní ẹ̀rọ amúǹkantutù, tí wọ́n sì ti mú ooru oko kúrò lára èso náà kí wọ́n tó dì í, rásíbẹ́rì kò lè dé ibẹ̀ láàyè. Ìdí nìyí tí Kazakhstan àti Rọ́ṣíà fi jẹ́ ọjà tó sún mọ́ èso tútù yìí, tí Yúróòpù sì jìnnà sí i, bó tilẹ̀ jẹ́ pé láti oṣù kẹrin ọdún 2021 ni Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù ti mú owó bodè kúrò lórí ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọjà Uzbekistan lábẹ́ ètò GSP+. Àǹfààní yẹn kò lè mú kí èso tó ti rà nínú ọkọ̀ padà di tútù. Èso gbígbẹ ló lè lò ó dáadáa. Bulubẹ́rì, tí àwọn olówó ń fi owó lé báyìí, ní ìṣòro ti ara rẹ̀, torí ilẹ̀ tó kan ló fẹ́, ilẹ̀ Uzbekistan sì kún fún ẹfun àti iyọ̀, nítorí náà ìkòkò onílẹ̀ àrà ọ̀tọ̀ àti omi tí wọ́n po ásíìdì mọ́ ni wọ́n fi ń gbìn ín. Iye tí ìyẹn ń náni tó láti mú àgbẹ̀ ẹ̀yìnkùlé sá sẹ́yìn.

Kò ní bójú mu láti sọ pé àtúntò 2017 kò yí nǹkan kan padà, iṣẹ́ yìí kò sì sọ bẹ́ẹ̀. Ó ṣeé ṣe kí ìwádìí tó bá tún wọ inú ìwé bodè ju èyí lọ fi hàn pé èso tútù ti gba ipò iwájú. Síbẹ̀, ó jọ pé ẹni tó bá wo ìwé bodè nìkan kò lè ṣe kó má gbà pé ìjọba ló bí òwò náà, nítorí ìjọba ló kọ ìwé ọ̀hún. Tutmayiz tí wọ́n jẹ nínú ilé tàbí tí wọ́n rù kọjá bodè nínú àpò kékeré kò sí nínú rẹ̀.

Igi tut gan-an mú ìbéèrè mìíràn wá tí àwọn tó ń kọ̀wé nípa èso kì í bi. Uzbekistan ló wà ní ipò kẹta lágbàáyé, lẹ́yìn Ṣáínà àti Íńdíà, nínú pípèsè ilé kòkòrò ṣẹ́dà, igi tut tó tò létí oko òwú àti létí odò ìrinmi ló sì ń bọ́ àwọn kòkòrò náà. Igi tí wọ́n ń gé ẹ̀ka rẹ̀ lọ́dọọdún fún ewé kì í so èso tó nǹkan, nítorí náà ìdílé tó bá ní igi mẹ́rin gbọ́dọ̀ yan èyí tí yóò jẹ́ ti kòkòrò àti èyí tí yóò jẹ́ ti àwọn ọmọ. Àwọn obìnrin ló sábà máa ń tọ́ kòkòrò náà nínú yàrá ilé ní ìgbà ìrúwé, ní àkókò kan náà tí èso fẹ́rẹ̀ẹ́ pọ́n. Iye tí wọ́n ń san fún ilé kòkòrò, tí ìjọba ń dá nígbà Soviet, nílò kí a fi wé iye tutmayiz tó yẹ kó ti ara igi kan náà jáde. Iṣẹ́ tó ń bọ̀ yóò gbé èyí yẹ̀ wò ní Marg'ilon, níbi tí wọ́n ti ń hun aṣọ atlas àti adras, yóò sì fi í sí ẹ̀gbẹ́ sányán ilẹ̀ Yorùbá, tí ṣẹ́dà rẹ̀ ti ara kòkòrò inú igbó wá, tí kò ní igi kan tí ẹnikẹ́ni gbìn tàbí gé fún un. Àwọn ahunṣọ Ìsẹ́yìn kò ní láti yan láàárín ewé àti èso rí. Bóyá èyí ni ìdí tí sányán fi wọ́n gógó, tí ọwọ́ ìjọba kankan kò sì tó ilé kòkòrò rẹ̀, ni ìbéèrè tí iṣẹ́ náà yóò fi bẹ̀rẹ̀.