Kòsọ́kọ́: Orúkọ Tó Fi Ọkọ́ Pamọ́ fún Ikú

Ní ọjọ́ 26 oṣù Kejìlá ọdún 1851, àwọn ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì kọjú àgbá sí Èkó. Ìbọn ń dún, ilé ń jó, àwọn ará Èkó sì fi ìró àgbá náà sọ ogun ọ̀hún ní Àgídìngbì. Ọba tí wọ́n torí rẹ̀ wá ń jẹ́ Kòsọ́kọ́. Àìmọye ìgbà ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì kọ orúkọ yìí sínú ìwé wọn láìfi àmì ohùn kankan sí i. Lójú wọn, orúkọ ọba aláwọ̀ dúdú kan lásán ni. Létí ẹni tó gbọ́ Yorùbá, odidi gbólóhùn ni: kò sí ọkọ́.

Ọkọ́ wo? Ọkọ́ tí àgbẹ̀ fi ń kọ ebè náà ni, èyí tí alágbẹ̀dẹ rọ tí wọ́n sì ki ẹ̀rúkọ́ bọ̀. Àmọ́ ọkọ́ yìí kan náà ni wọ́n ń gbé jáde nígbà tí ẹnìkan bá kú, tí ilẹ̀ yóò sì di gbígbẹ́. Ohun tí òbí tó sọ ọmọ rẹ̀ ní Kòsọ́kọ́ ń wí ni pé kò sí ọkọ́ tí wọ́n máa fi gbẹ́ sàréè rẹ. Ohùn ṣe pàtàkì gan-an níbí. Bí ohùn bá yẹ̀ díẹ̀, ó di ọ̀rọ̀ obìnrin tí kò sọ́kọ nílé rẹ̀. Bó bá yẹ̀ síbòmíràn, ó di ọ̀rọ̀ èrò tó dé ibùdókọ̀ tí kò sọ́kọ̀ mọ́.

Orúkọ àbíkú ni. Àbíkú ni ọmọ tí a bí tó kú, tí a tún bí tó tún kú. Nínú ìgbàgbọ́ àwọn baba ńlá wa, ọmọ kan náà ló ń lọ tó ń bọ̀. Ó ní ẹgbẹ́ lọ́run, ó sì ti bá wọn dá ìgbà kó tó wá sáyé: bóyá ọjọ́ tí eyín rẹ̀ bá kọ́kọ́ yọ, bóyá ìgbà tó bá mọ ìrìn, bóyá ọjọ́ ìgbéyàwó rẹ̀ gan-an. Bí àkókò bá tó, ẹgbẹ́ á pè é, á sì jẹ́ wọn. Ìyá á sunkún títí, á tún lóyún, á tún bí.

Àwọn òbí kì í káwọ́ gbera. Wọ́n ń se ẹ̀wà, wọ́n ń gé ìrèké, wọ́n ń pe ọmọdé àdúgbò jọ kí wọ́n wá jẹ, kí ẹgbẹ́ lè gbà fún wọn. A. B. Ellis, ajagun Gẹ̀ẹ́sì tó gbé ìwé jáde nípa àwọn Yorùbá ní 1894, ṣàlàyé bí wọ́n ṣe ń fi ẹ̀gbà irin àti ṣaworo sí ọmọ lẹ́sẹ̀, kí ìró irin lè lé àwọn tó ń bọ̀ wá pè é sẹ́yìn. Èyí tó le jù bẹ́ẹ̀ wà: wọ́n á fi ọ̀bẹ sàmì sára òkú ọmọ kó tó kúrò nílẹ̀, kí ojú lè tì í láti padà sọ́dọ̀ ẹgbẹ́, tàbí kí wọ́n lè dá a mọ̀ bó bá tún yà wá. Babaláwo ń gbowó, oníṣègùn ń gbowó, alágbẹ̀dẹ tó rọ ṣaworo náà ń gbowó. Orúkọ nìkan ni kò náni ní kọ́bọ̀.

Ọ̀kan lára àwọn tó kọ́kọ́ kó irú orúkọ bẹ́ẹ̀ jọ sínú ìwé ni Samuel Johnson, àlùfáà ìjọ Áńgílíkà tó ṣiṣẹ́ ní Ọ̀yọ́. Ó parí ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ ní 1897, ó kú ní 1901, àbúrò rẹ̀ Obadiah ló sì tún ìwé náà tò kó tó jáde ní 1921. Johnson ya orúkọ àbíkú sọ́tọ̀ kúrò lára àmútọ̀runwá àti àbísọ, Kòsọ́kọ́ sì wà láàárín wọn.

Bí a bá to àwọn orúkọ yìí bí ètò ìsìnkú ṣe ń tò, a ó rí i pé kò sí ohun èlò kan tí wọ́n gbàgbé. Òkú nílò ohun tí a ó fi dì í: Àkísàátán, àkísà tí à bá lò ti tán nílé. Òkú nílò kòtò: Kòsọ́kọ́. Òkú ọmọ tó ń kú lọ́nà bẹ́ẹ̀, igbẹ́ ni wọ́n ń gbé e lọ, wọn kì í sin ín sínú ilé bíi ti àgbà: Igbẹ́kọ̀yí, igbẹ́ ti kọ èyí. Ó ku ikú fúnra rẹ̀: Ikúkọ̀yí, òun náà ti kọ̀ ọ́. Ilé tó bá sọ ọmọ ní irú orúkọ bẹ́ẹ̀ mọ ètò náà dunjú, nítorí wọ́n ti ṣe é lẹ́ẹ̀kan, lẹ́ẹ̀méjì, lẹ́ẹ̀mẹ́ta.

Ẹni tí orúkọ ń bá sọ̀rọ̀ tún yàtọ̀ síra. Málọmọ́ pàṣẹ fún ọmọ. Bánjókòó pè é pé kó wá jókòó. Rótìmí bẹ̀ ẹ́. Dúrósinmí bẹ̀ ẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí òbí ń fẹ́ kí ọmọ dúró kó lè wá sin òun, nígbà tó jẹ́ pé òun ló ti ń sin ọmọ bọ̀. Káṣìmáawò kò tilẹ̀ dárúkọ ọmọ mọ́ ọn. Ará ilé àti aládùúgbò ló ń bá wí, pé kí wọ́n má tí ì yọ̀ jù, ká ṣì máa wò ó ná.

Kòsọ́kọ́ kò pàṣẹ, kò sì bẹ̀bẹ̀. Ó ṣe bí onílé tí àlejò wá yá nǹkan lọ́wọ́ rẹ̀, tó kàn dáhùn pé, “Ẹ jọ̀ọ́, kò sí.” Àgbẹ̀ tí ọkọ́ mẹ́ta wà ní àjà rẹ̀ ló ń sọ bẹ́ẹ̀. Irọ́ ni, gbogbo ilé ló sì mọ̀ pé irọ́ ni. Ọmọ nìkan ni wọ́n fẹ́ kó gbà á gbọ́.

Yorùbá nìkan kọ́ ló ń bá ikú ṣe àwàdà báyìí. Àwọn Ìgbò ń pe irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ní ọ̀gbáńje, wọ́n sì ní orúkọ bí Ọzọemena, kí irú èyí má tún ṣẹlẹ̀. Àwọn Hausa ń sọ ọmọ ní Ajuji, ìyẹn ààtàn, kí ikú lè rò pé ohun àdànù ni. Ní Ghana, àwọn Akan ní Begyina, wá kí o dúró. Kódà ní Cuba, àwọn tó ń tẹ̀lé ẹ̀sìn Lúkúmì ṣì ń lo ọ̀rọ̀ àbíkú, ogún tí àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú láti ilẹ̀ Yorùbá fi sílẹ̀.

Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó sọ Kòsọ́kọ́ di orúkọ ńlá bí ọmọ Ọba Òṣìnlókun ti Èkó. Bàbá rẹ̀ jọba, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Ìdéwù náà jọba, ọ̀pọ̀ ènìyàn sì rò pé yóò kan Kòsọ́kọ́. Ohun tó dí i lọ́nà ni Elétù Òdìbò, ìjòyè tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ wúwo nínú yíyan ọba. Kòsọ́kọ́ ti gbé obìnrin tí Elétù fẹ́ sọ́nà, Elétù kò sì gbàgbé. Ó di 1841, àbúrò bàbá rẹ̀, Akítóyè, ni wọ́n fi jọba. Kòsọ́kọ́ ti wà ní ìgbèkùn nígbà náà.

Akítóyè fi ìfẹ́ pe ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ padà sílé, ó sì fún un lóyè. Ó kábàámọ̀ rẹ̀. Ní 1845 ni ogun tí Èkó ń pè ní Olómirò bẹ́ sílẹ̀. Akítóyè sá gba Abẹ́òkúta lọ, ó sì ti ibẹ̀ bọ́ sí Àgbádárìgì, Kòsọ́kọ́ sì gorí ìtẹ́. Òwò ẹrú ló ń gbilẹ̀ ní Èkó nígbà náà, Kòsọ́kọ́ kò sì kọ owó rẹ̀. Akítóyè wá ṣèlérí fún Gẹ̀ẹ́sì pé òun yóò fòpin sí òwò náà bí wọ́n bá dá òun padà. Gẹ̀ẹ́sì gbà bẹ́ẹ̀. Ìkọlù àkọ́kọ́, ní oṣù Kọkànlá 1851, kò yọrí sí rere fún wọn. Kòsọ́kọ́ lé wọn sẹ́yìn. Èkejì ni Àgídìngbì.

Ọba náà kò kú níbẹ̀. Ó gba ojú ọ̀sà jáde, ó sì tẹ̀dó sí Ẹ̀pẹ́ pẹ̀lú àwọn èèyàn rẹ̀, títí kan Ọ̀ṣọ́dì Tápà, balógun rẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì tó lé e kúrò ní Èkó tún wá bá a ṣàdéhùn ní Ẹ̀pẹ́ ní 1854. Ní 1861, Dòsùnmú, ọmọ Akítóyè, tó wà lórí ìtẹ́ Èkó nígbà náà, fọwọ́ sí ìwé tó fi Èkó lé Gẹ̀ẹ́sì lọ́wọ́. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, wọ́n jẹ́ kí Kòsọ́kọ́ padà wálé. Àdúgbò tí àwọn tó bá Ọ̀ṣọ́dì Tápà ti Ẹ̀pẹ́ dé tẹ̀ dó sí ní Erékùṣù Èkó ló ń jẹ́ Ẹ̀pẹ́tẹ̀dó títí dòní. Kòsọ́kọ́ lo ọdún 10 sí i ní Èkó kó tó kú ní 1872. Ogun abẹ́lé, àgbá ọkọ̀ ojú omi àti ìgbèkùn, kò sí èyí tó rí ọkọ́ yá.

Àwọn arákùnrin orúkọ yìí náà ní ìtàn. Ní 1937, wọ́n bí ọmọkùnrin kan ní Abẹ́òkúta. Òun ni ọmọ kẹtàlélógún bàbá rẹ̀, òun sì ni àkọ́kọ́ tó yè. Káṣìmáawò ni wọ́n sọ ọ́, ó sì tó ọmọ ọdún 15 kí wọ́n tó fún un lórúkọ Moshood. Òun ni M. K. O. Abíọ́lá, tó díje dupò ààrẹ ní June 12, 1993, K tó wà láàárín orúkọ rẹ̀ ni “ká ṣì máa wò ó.” Dúró Ládiípọ̀, tó gbé eré Ọba Kò So kiri ayé, jẹ́ orúkọ mẹ́ta tó fi Dúró bẹ̀rẹ̀: Dúródọlá, Dúróṣọmọ, Dúróoríìkẹ́. Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ni wọ́n bẹ̀ ẹ́ kó tó dé ọ̀rọ̀ Ládiípọ̀.

Ìmọ̀ ìṣègùn ti ní ọ̀rọ̀ tirẹ̀ sọ lórí ohun tó ń pa ọmọ bẹ́ẹ̀. Ní 1910, dókítà James Herrick ní Chicago ròyìn ẹ̀jẹ̀ akẹ́kọ̀ọ́ kan tó ti Grenada wá: sẹ́ẹ̀lì ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ tẹ̀ kọrọdọ bíi dòjé. Àrùn tí à ń pè ní sickle cell nìyẹn. Ní Nàìjíríà, nǹkan bí ẹnìkan nínú mẹ́rin ló jẹ́ AS, ìyẹn ẹni tó gbé àbùdá àrùn náà lára láìní àrùn náà fúnra rẹ̀. Bí AS bá fẹ́ AS, gbogbo oyún tí wọ́n bá ní ló ní ewu ìdá kan nínú mẹ́rin láti bí ọmọ tó jẹ́ SS, ìyẹn ọmọ tó ní àrùn náà. Ìdí nìyẹn tí ilé kan fi lè máa sin ọmọ léraléra kí ọmọ ilé kejì má tilẹ̀ ṣàìsàn. Òun nìkan kọ́ sá. Ibà, ìgbẹ́ gbuuru, ìgbóná àti ikọ́ pa àìmọye ọmọ tí wọ́n kà kún àbíkú.

Ikú ọmọdé kò tíì tán. Ìwádìí ìlera tí ìjọba ṣe ní 2018 fi hàn pé ọmọ 132 nínú 1,000 ni kì í pé ọdún 5 ní Nàìjíríà. Síbẹ̀, ó ṣọ̀wọ́n kí wọ́n tó sọ ọmọ tuntun ní Kòsọ́kọ́ lónìí. Ṣọ́ọ̀ṣì àti mọ́ṣáláṣí ti yí orúkọ padà. Wọ́n fi Olú síwájú Rótìmí, ó di Olúrótìmí: ẹ̀bẹ̀ tí wọ́n ń bẹ ọmọ di ọpẹ́ fún Ọlọ́run tó dúró tini. Kòsọ́kọ́ kò gba irú àtúnṣe bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá fi Olúwa síwájú rẹ̀ ti sọ pé Olúwa kò ní ọkọ́, kò sì sí òbí tó fẹ́ kí wọ́n ka ìyẹn níbi ìkómọ.

Ohun tó gbà á là ni ìwé. Nígbà tí ilé ẹ̀kọ́ àti ọ́fíìsì bẹ̀rẹ̀ sí í béèrè orúkọ ìdílé, orúkọ ọba náà di ti gbogbo ìran rẹ̀, ọkùnrin àtobìnrin. Gbajúmọ̀ òṣèré Jídé Kòsọ́kọ́, tí wọ́n bí ní 1954, ti ìdílé náà wá, àwọn ọmọ rẹ̀ obìnrin tó ń ṣe tíátà náà sì ń jẹ́ ẹ. Orúkọ tí wọ́n fi ń dá ọmọ tó fẹ́ kú dúró ti di èyí tí wọ́n ń kọ sára pátákó fíìmù.

Ohun kan ló kù tí a lè bẹ àwọn tó ń kọ ọ́. Ẹ fi àmì ohùn sí i: ohùn ìsàlẹ̀ lórí kò, ohùn òkè lórí ọ́ méjèèjì. Bí kò bá sí àmì yẹn, ẹni tí kò mọ ìtàn lè rò pé ọkọ̀ ni kò sí.