Bí Fíìmù Àtijọ́ Ṣe Ń Kú àti Bí A Ṣe Ń Jí I Dìde

Bóyá ni ọmọ Yorùbá kan wà tí kò gbọ́ ìtàn àkúdàáyà rí. Ẹni tí ó ti kú, tí a ti sin, ni wọn yóò tún rí ní ìlú mìíràn tí ó ń tajà, tí ó gbéyàwó, tí ó sì bímọ. Ní ọjọ́ tí ará ilé rẹ̀ bá pàdé rẹ̀ tí ó sì dá a mọ̀, ó di àwátì. Àwọn ará Haiti pẹ̀lú ní òkú tiwọn tí wọ́n ń pè ní zombie: òkú tí ẹnì kan jí dìde kí ó lè máa ṣiṣẹ́ fún un bí ẹrú, láìní ìfẹ́ inú ti ara rẹ̀ mọ́. Ọ̀pọ̀ nínú wa gbọ́ orúkọ yìí láti ẹnu Fẹlá Aníkúlápó-Kútì nígbà tí ó fi kọrin ní 1976. Àwọn ará Amẹ́ríkà ti mú un wọ inú sinimá láti ọdún 1932.

Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ bá yín sọ ni ti fíìmù tí a fi ń ya irú ìtàn bẹ́ẹ̀. Fíìmù náà a máa kú. Ó sì ṣeé jí dìde, bí a bá tètè dé ọ̀dọ̀ rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo sinimá kan tí ó jẹ́ baba fún ọ̀pọ̀lọpọ̀ sinimá òkú tí ń rìn. Ní ọdún 1967, George Romero àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní ìlú Pittsburgh ní Amẹ́ríkà dáwó jọ láti ṣe sinimá kan tí kò ní àwọ̀, dúdú àti funfun nìkan. Owó wọn kò pọ̀. Inú ilé oko kan ni wọ́n ti ya èyí tí ó pọ̀ jù nínú rẹ̀. Ìtàn náà ni pé àwọn òkú dìde, wọ́n sì ń jẹ alààyè. Àwọn ènìyàn díẹ̀ sá wọ inú ilé kan, wọ́n ń kan pákó mọ́ fèrèsé títí ilẹ̀ fi mọ́. Duane Jones, ọkùnrin adúláwọ̀, ni ó ṣe olórí eré náà, ohun tí ó ṣọ̀wọ́n púpọ̀ ní Amẹ́ríkà ìgbà náà. Ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá ọdún 1968 ni wọ́n kọ́kọ́ fi í hàn. Night of the Living Dead ni orúkọ rẹ̀.

Kí ó tó jáde, àwọn tí yóò pín in fún ilé sinimá yí orúkọ rẹ̀ padà. Nígbà tí wọ́n yọ orúkọ ti tẹ́lẹ̀, wọ́n yọ àmì tí ń fi ẹni tí ó ni iṣẹ́ náà hàn mọ́ ọn, wọn kò sì fi òmíràn síbẹ̀. Òfin Amẹ́ríkà ìgbà náà sì ni pé iṣẹ́ tí a bá tẹ̀ jáde láìní àmì yìí di ti gbogbo ayé. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ní ẹ̀rọ lè ṣe ẹ̀dà rẹ̀ kí ó sì tà á, kò sì pọn dandan kí ó san kọ́bọ̀ fún ẹni tí ó ṣe é. Bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀dà ń bí ẹ̀dà. Bí sinimá náà ti ń lókìkí sí i, bẹ́ẹ̀ ni àwòrán rẹ̀ ń burú sí i: ibi tí ó funfun di eérú, ibi tí ó dúdú di èédú, ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn òṣèré sì ń dún bí ìgbà tí ènìyàn ń sọ̀rọ̀ nínú àmù. Gbogbo ayé ni ó mọ̀ ọ́n, ṣùgbọ́n ẹni tí ó rí ojúlówó rẹ̀ kò pọ̀.

Ní 2016 ni ilé ìṣẹ̀ǹbáyé kan ní New York, Museum of Modern Art, àti ẹgbẹ́ Film Foundation tí Martin Scorsese dá sílẹ̀ ní 1990, tún un ṣe. Négátíìfù ni wọ́n padà lọ bá, èyíinì ni fíìmù gan-an tí ó wà nínú ẹ̀rọ ayàwòrán ní 1967. Romero fúnra rẹ̀ bá wọn mójú tó o kí ó tó kú ní 2017. Ní 2018 ni wọ́n ṣe é sórí àwo Blu-ray, tí ènìyàn lè rà kí ó sì wò nínú ilé rẹ̀. Odò tí ó bá gbàgbé orísun rẹ̀, gbígbẹ ni yóò gbẹ. Nínú iṣẹ́ fíìmù, négátíìfù ni orísun.

Ó tó àkókò kí a wálé. Kò jìnnà sí Ìjẹ̀bú-Òde ni Òsosà wà, níbi tí a ti bí Hubert Ògúndé ní 1916. Ó ṣe olùkọ́, ó ṣe ọlọ́pàá, kí ó tó dá ẹgbẹ́ eré orí ìtàgé rẹ̀ sílẹ̀ ní 1945. Nígbà tí ó di 1979, ó gbé eré rẹ̀ kan sínú fíìmù: Aiyé. Ọlá Balógun, tí ó kọ́ iṣẹ́ sinimá ní ìlú Paris, ni ó darí rẹ̀. Ẹ̀rù ni sinimá yìí náà fi ń mú ènìyàn, ṣùgbọ́n ẹ̀rù tiwa ni: àwọn àjẹ́ ń pàdé lóru, Ọ̀ṣẹ́túrá babaláwo sì dúró láti gba ìlú lọ́wọ́ wọn. Ògúndé fúnra rẹ̀ ni ó ṣe Ọ̀ṣẹ́túrá. Jáiyésinmi tẹ̀ lé e ní 1980, Àròpin N'Tènìyàn ní 1982, Àyànmọ́ ní 1988. Ògúndé jáde láyé ní oṣù kẹrin ọdún 1990.

Ẹ wo bí àwọn fíìmù ìgbà náà ti ń rin. Kò sí ilé-iṣẹ́ kan ní Nàìjíríà tí ó ń fọ fíìmù aláwọ̀ fún irú sinimá gígùn bẹ́ẹ̀, nítorí náà òkè òkun ni wọ́n ń gbé e lọ, pàápàá Lọ́ńdọ̀nù. Négátíìfù a máa dúró sí ọ̀hún. Ẹ̀dà díẹ̀ ni ó ń padà wálé, nítorí owó rẹ̀ wọ́n. Ẹni tí ó ni fíìmù a gbé e sínú ọkọ̀ pẹ̀lú ẹ̀rọ tí ń tan àwòrán sára aṣọ funfun, yóò máa ti gbọ̀ngàn ìlú kan dé òmíràn, láti ọgbà ilé-ẹ̀kọ́ dé ilé ìtura. Kì í fi í sí ọwọ́ ẹlòmíràn, kí olè má baà ṣe ẹ̀dà rẹ̀. Ọgbọ́n ni èyí, ó sì dáàbò bo owó ẹni tí ó ṣiṣẹ́. Àmọ́ ẹ̀dà kan náà ni eruku ń bà, òun náà ni eyín ẹ̀rọ ń ya, òun náà ni oòrùn ń pa nínú ọkọ̀. Nígbà tí náírà sì wálẹ̀ lẹ́yìn 1986, agbára ọ̀pọ̀ òṣèré kò ká fíìmù mọ́. Wọ́n yí sí kásẹ́ẹ̀tì fídíò, fíìmù àtijọ́ sì dèrò inú àpótí.

Kí ni ó ń pa fíìmù nínú àpótí? Ooru àti ọ̀rinrin ni. Ẹ̀yin ará etí omi mọ ohun tí ọ̀rinrin ń ṣe sí aṣọ òkè tí a kò sá. Ohun tí wọ́n fi ṣe ọ̀pọ̀lọpọ̀ fíìmù ìgbà náà, bí ooru àti ọ̀rinrin bá bá a, a máa mú omi kíkan jáde láti inú ara rẹ̀. Bí ẹ bá ṣí agolo rẹ̀, òórùn kíkan bí ti fínígà ni yóò kọ́kọ́ kí yín. Lẹ́yìn náà ni fíìmù yóò súnkì, tí yóò ká kò, tí yóò sì máa ṣẹ́ bí ewé gbígbẹ. Àwọ̀ pẹ̀lú a máa ṣá: búlúù àti àwọ̀ ewé a lọ, ohun gbogbo a wá pọ́n rẹ́súrẹ́sú. Ibi tútù tí ó gbẹ ni ó lè mú kí àìsàn yìí falẹ̀. Kò sí oògùn tí ó lè wò ó sàn.

Báwo ni wọ́n ṣe ń jí i? Ọwọ́ ni ó ń kọ́kọ́ ṣiṣẹ́. Wọn a tú fíìmù náà pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, wọn a lẹ ibi tí ó ya, wọn a fọ eruku ara rẹ̀. Ẹ̀rọ kan a wá ya àwòrán inú rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan sínú kọ̀ǹpútà. Àwòrán 24 ni ó ń kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Nítorí náà fíìmù tí ó gùn tó wákàtí kan àtààbọ̀ ní àwòrán 129,600. Nínú kọ̀ǹpútà ni wọn yóò ti nu àbàwọ́n àti ìlà kúrò, tí wọn yóò dá àwọ̀ padà, tí wọn yóò sì tún ohùn ṣe. Bí ẹni tí ó darí fíìmù náà tàbí ẹni tí ó yà á bá ṣì wà láyé, òun ni wọn yóò bi léèrè bí òru ṣe dúdú tó lọ́jọ́ náà. Oníṣẹ́ rere kì í dán fíìmù náà jù. Bí ó bá fi ẹwà tí kò sí níbẹ̀ kún un, kò jí òkú mọ́. Òmíràn ni ó dá. Ní ìkẹyìn, wọn a gbé e sórí àwo. Tẹlifíṣọ̀n tí a mọ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún ní Nàìjíríà ní ìlà àwòrán 576, kásẹ́ẹ̀tì fídíò kò sì lè gbé gbogbo ohun tí ó lè fi hàn. Àwo Blu-ray, tí ó dé ọjà ní 2006, ní ìlà 1,080.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe rò pé ti òyìnbó nìkan ni iṣẹ́ yìí. Ní 1976, Adamu Halilu fi ìwé tí Abubakar Tafawa Balewa kọ ṣe fíìmù Shaihu Umar ní èdè Haúsá. Ọ̀pọ̀ ti gbà pé ó ti ṣègbé. Ní 2016 ni wọ́n rí i nínú ilé ìpamọ́ Nigerian Film Corporation ní Jọ́ọ̀sì. Ilé-iṣẹ́ Arsenal ní Jámánì bá wọn tún un ṣe, wọ́n sì fi í hàn ní ìlú Berlin ní oṣù kejì ọdún 2018. Ní 2017, ẹgbẹ́ Film Foundation, ẹgbẹ́ àwọn oníṣẹ́ sinimá ilẹ̀ Áfíríkà àti UNESCO pawọ́ pọ̀ láti wá 50 fíìmù Áfíríkà rí kí wọ́n sì tún wọn ṣe. Ohun tí ó gba Shaihu Umar là ni pé ẹnì kan gbé e sórí pẹpẹ, kò dà á nù.

Ẹ wá rò ó wò. Òru ni àwọn àjẹ́ inú Aiyé ń pàdé. Nínú ẹ̀dà tí ó ti ṣókùnkùn, kí ni ọmọdé yóò rí? Yóò gbọ́ igbe, yóò gbọ́ ìlù, ṣùgbọ́n kò ní rí ojú, kò ní rí aṣọ, kò ní rí ìṣesí àwọn àgbà òṣèré tí wọn kò sí mọ́. Yóò ní eré àwọn baba wa kò dára. Ẹ̀dà ni kò dára, ìyẹn ni kò sì sí ẹni tí yóò sọ fún un.

Nítorí náà, bí agolo fíìmù bá wà nínú ilé yín, ẹ má ṣe sọ ọ́ sí ààtàn, ẹ má sì sá a sí oòrùn. Ẹ gbé e sí ibi tí ó tutù tí ó sì gbẹ. Ẹ kọ ohun tí ó wà lára agolo náà sílẹ̀, àti orúkọ ẹni tí ó ni ín, nítorí ọ̀ràn ẹni tí ó ni ín ni ó dá Romero lóró. Kí ẹ sì fi tó àwọn tí ń pa fíìmù mọ́ ní Jọ́ọ̀sì létí. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì Ọlábísí Ọnàbánjọ, ẹ lọ jókòó ti àwọn àgbà tí wọ́n bá Ògúndé ṣeré, kí ẹ bi wọ́n bí aṣọ ti rí, bí orin ti lọ. Ẹ̀rọ lè nu eruku lára fíìmù. Kò lè rántí ohun tí ẹnikẹ́ni kò sọ fún un.