Báńkì gbẹ́sẹ̀ lé ilé tí ẹ yá l'Ékòó: Kí ni ẹ̀tọ́ ayálégbé?

Lánlọ́ọ̀dù yáwó ní báńkì, ó fi ilé tí àwọn ayálégbé ń gbé dógò, kò sì rí owó náà san padà. Ohun tí àwọn ará ilé máa kọ́kọ́ rí ni ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ géètì pé báńkì ti gba ilé. Nínú wọn, ẹlòmíì ṣẹ̀ṣẹ̀ san owó ọdún kan ni. Ṣé dandan ni kí wọ́n kó jáde lọ́jọ́ náà?

Rárá o. Gbèsè lánlọ́ọ̀dù kì í ṣe gbèsè ayálégbé. Àwọn ohun tó yẹ kí ẹ mọ̀ nìyí.

Èwo ló ṣáájú?

Ọjọ́ ni kókó ọ̀rọ̀. Bí ayálégbé bá ti ń gbé inú ilé kí lánlọ́ọ̀dù tó fi ilé náà dógò, báńkì bá a níbẹ̀ ni. Báńkì, àti ẹni tó bá ra ilé lọ́wọ́ báńkì, gbọ́dọ̀ fara mọ́ àdéhùn tí wọ́n bá nílẹ̀ títí yóò fi parí, tàbí kí wọ́n fòpin sí i bí òfin ṣe là á sílẹ̀.

Bí lánlọ́ọ̀dù bá ti fi ilé dógò kí ayálégbé tó kó wọlé, ọ̀rọ̀ lè yí padà. Ọ̀pọ̀ ìwé àdéhùn báńkì ló sọ pé lánlọ́ọ̀dù kò gbọdọ̀ gba ayálégbé láìjẹ́ pé báńkì fọwọ́ sí i. Bí kò bá gbàṣẹ, báńkì lè ní òun kò mọ ayálégbé náà rí. Àmọ́ tí báńkì bá ti ń gba owó ilé lọ́wọ́ rẹ̀, á ṣòro fún wọn láti sọ bẹ́ẹ̀. Ayálégbé tó bá sì pàdánù ilé lè pe lánlọ́ọ̀dù tó gbowó rẹ̀ lẹ́jọ́.

Kọ́ọ̀tù nìkan ló lè léni jáde

Òfin ilé yíyá ti Ìpínlẹ̀ Èkó, ọdún 2011, sọ iye nótíìsì tó tọ́ sí ayálégbé bí ìwé àdéhùn kò bá sọ ọ́:

- Ẹni tó ń san owó oṣooṣù: oṣù 1
- Ẹni tó ń san owó oṣù mẹ́ta-mẹ́ta tàbí mẹ́fà-mẹ́fà: oṣù 3
- Ẹni tó ń san owó ọdọọdún: oṣù 6

Lẹ́yìn èyí, nótíìsì ọlọ́jọ́ 7 ló kàn, kí wọ́n tó lọ sí kọ́ọ̀tù. Bí àdéhùn bá ní ọjọ́ ìparí pàtó tí ọjọ́ náà sì ti kọjá, nótíìsì ọlọ́jọ́ 7 nìkan ti tó.

Ẹni tó bá fi ipá lé ayálégbé, tó ń halẹ̀ mọ́ ọn, tàbí tó mọ̀ọ́mọ̀ ba ilé jẹ́ kó lè jáde, lè san owó ìtanràn tó tó ₦250,000 tàbí kó lọ ẹ̀wọ̀n oṣù 6. Òfin yìí kò kan Àpápá, Ìkẹjà GRA, Ìkòyí àti Victoria Island, àmọ́ ọ̀nà kọ́ọ̀tù náà ni wọ́n gbọ́dọ̀ gbà níbẹ̀.

Ta ni kí ẹ san owó ilé fún?

Ẹ má dá owó ilé dúró, ẹ má sì fi ìbẹ̀rù san án fún ẹni tí ẹ kò mọ̀. Gbájúẹ̀ pọ̀ níta. Ẹ gba lẹ́tà tí báńkì kọ, kí ẹ sì fẹsẹ̀ ara yín lọ wádìí ní báńkì náà. Tó bá jẹ́ òótọ́, tí ẹ tún lọ san án fún lánlọ́ọ̀dù, ẹ lè san án lẹ́ẹ̀méjì. Bí àwọn méjèèjì bá ń bèèrè owó kan náà, ẹ jẹ́ kí lọ́yà gbà yín nímọ̀ràn kí ẹ tó san kọ́bọ̀.

Ẹ tọ́jú ìwé àdéhùn àti gbogbo rìsíìtì, torí àwọn ni yóò fi ọjọ́ tí ẹ wọlé àti iye tí ẹ san hàn. Òfin 2011 yẹn sọ ọ́ di dandan fún lánlọ́ọ̀dù láti fún yín ní rìsíìtì.

Kí ẹ tó gba ilé tuntun

Òfin lílo ilẹ̀ ti ọdún 1978 béèrè pé kí gómìnà fọwọ́ sí i kí èèyàn tó fi ilé dógò. Ìdí nìyẹn tí ẹ fi lè rí àkọsílẹ̀ rẹ̀ tí lọ́yà yín bá ṣàyẹ̀wò ní ilé iṣẹ́ tó ń rí sí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ ní Alausa. Bí ẹ bá sì rí AMCON lára ògiri, ẹ bèèrè ọ̀rọ̀ dáadáa: àjọ tí ìjọba àpapọ̀ dá sílẹ̀ lọ́dún 2010 láti ra gbèsè tó ti bàjẹ́ lọ́wọ́ báńkì ni.

Bí ìwé kọ́ọ̀tù bá dé

Ẹ má fi ìwé kọ́ọ̀tù sábẹ́ pílò. Ìgbà míì, lánlọ́ọ̀dù nìkan ni báńkì máa pè lẹ́jọ́. Ayálégbé lè ní kí kọ́ọ̀tù fi òun kún ẹjọ́ náà, àmọ́ ó gbọ́dọ̀ tètè ṣe é. Ẹni tí kò lówó lọ́yà lè lọ sí Office of the Public Defender tàbí Citizens' Mediation Centre. Ti Ìpínlẹ̀ Èkó ni méjèèjì, wọn kì í sì í gbowó.