Ogún Di Ogójì: Iye Tí Ilé Tí A Fi Owó Báńkì Rà Ń Náni Títí Dé Òpin

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun, Ọba tí ó fi ilé ṣe ibi ìsinmi fún àwọn ẹrú Rẹ̀. Kí ìkẹ́ àti ọlà Rẹ̀ máa bá Ànọ́bì wa Muhammad, àwọn ará ilé rẹ̀ àti àwọn Sàábé rẹ̀ lápapọ̀.

Ní ilẹ̀ Ìgbómìnà, láti Òmù-Àrán dé Èsìẹ́, gbogbo wa la mọ bí àwọn òbí wa ṣe ń kọ́lé. Wọ́n á ra búlọ́ọ̀kù lọ́dún yìí, wọ́n á gbé ògiri dé ojú fèrèsé lọ́dún tó ń bọ̀, wọ́n á kan páánù nígbà tí owó bá tún wọlé. Ṣùgbọ́n àwọn ọmọ wa tó ń ṣiṣẹ́ ní Ìlọrin, Èkó, Abújà tàbí London ń bá ọ̀nà mìíràn pàdé: báńkì á san owó ilé lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, ẹni tó yá a á sì máa san án padà lóṣooṣù fún ogún tàbí ọgbọ̀n ọdún. Èyí ni wọ́n ń pè ní mọ́géèjì. Ohun tí ọ̀pọ̀ ìdílé kọ́kọ́ máa ń béèrè ni pé, "Èló ni lóṣù?" Ìbéèrè tó yẹ kó ṣáájú ni pé, "Èló ni gbogbo rẹ̀, ta ni yóò sì san án bí ẹni tó yá a bá kú?" Ìbéèrè méjèèjì yìí la fẹ́ dáhùn.

Kí ni mọ́géèjì?

Nǹkan mẹ́rin ló wà nínú rẹ̀: ojú owó tí báńkì yáni, èlé tí báńkì ń gbà lórí rẹ̀, iye ọdún tí a ó fi san án, àti ilé náà fúnra rẹ̀ tí ó jẹ́ ìdógò. Bí owó oṣooṣù bá dáwọ́ dúró, báńkì lágbára láti ta ilé náà kí ó lè rí owó rẹ̀ gbà.

Ètò yìí ti pẹ́ ní Nàìjíríà. Ní 1956 ni wọ́n dá Nigerian Building Society sílẹ̀. Ní 1977, ó di Federal Mortgage Bank of Nigeria, ìyẹn báńkì ìjọba àpapọ̀ fún ọ̀rọ̀ ilé. Ní 1992, ìjọba gbé àpò owó ilé gbígbé kalẹ̀, èyí tí àwọn òṣìṣẹ́ mọ̀ sí NHF. Ìdá 2.5 nínú 100 owó oṣù òṣìṣẹ́ ló ń wọ inú àpò yìí. Ẹni tó bá ń dáwó sí i lè yá owó ilé ní èlé 6% lọ́dún, ó sì lè fi tó ọgbọ̀n ọdún san án.

Èlé 6% yìí kéré púpọ̀ sí ti àwọn báńkì yòókù. Ní oṣù kọkànlá 2024, báńkì àgbà orílẹ̀-èdè, CBN, gbé òṣùwọ̀n èlé rẹ̀ dé 27.5%. Nígbà tí ó dín in kù ní oṣù kẹsàn-án 2025, 27% ni ó ṣì jẹ́. Òṣùwọ̀n yìí ni àwọn báńkì máa ń wò kí wọ́n tó sọ iye èlé tiwọn.

Ẹ jẹ́ ká ṣe ìṣirò rẹ̀

Ẹ jẹ́ ká ní ìdílé kan yá ₦20 mílíọ̀nù láti ra ilé ní Ìlọrin. Bí èlé kò bá yí padà, ohun tí wọn yóò san nìyí:

- Èlé 6%, ọdún 10: nǹkan bíi ₦222,000 lóṣù, gbogbo rẹ̀ jẹ́ ₦26.6 mílíọ̀nù.
- Èlé 6%, ọdún 20: nǹkan bíi ₦143,300 lóṣù, gbogbo rẹ̀ jẹ́ ₦34.4 mílíọ̀nù.
- Èlé 6%, ọdún 30: nǹkan bíi ₦119,900 lóṣù, gbogbo rẹ̀ jẹ́ ₦43.2 mílíọ̀nù.
- Èlé 20%, ọdún 20: nǹkan bíi ₦339,800 lóṣù, gbogbo rẹ̀ jẹ́ ₦81.5 mílíọ̀nù.

Ẹ wo ìlà kẹta dáadáa. Láyé àtijọ́, orúkọ tí Yorùbá fún olówó èlé tí kò láàánú ni ṣogúndogójì, ẹni tí ń sọ ogún di ogójì. Èlé 6% tí gbogbo èèyàn ń pè ní ẹ̀dínwó yìí, bí ó bá pé ọgbọ̀n ọdún, ó sọ ₦20 mílíọ̀nù di ohun tó lé ní ₦43 mílíọ̀nù. Ìdá èlé tí wọ́n kọ sórí ìwé nìkan kọ́ ló ń pinnu iye owó ilé. Iye ọdún náà wà níbẹ̀. Láti ogún ọdún sí ọgbọ̀n ọdún, owó oṣooṣù fi nǹkan bíi ₦23,400 dín kù, ṣùgbọ́n gbogbo owó tí ìdílé yóò san fi ₦8.8 mílíọ̀nù lé sí i.

Ibi tí owó oṣù àkọ́kọ́ ń lọ

Báńkì kọ́kọ́ máa ń yọ èlé rẹ̀ kúrò nínú owó tí a san, èyí tó bá kù ni yóò lọ sórí ojú owó. Ní ìlà kẹrin, èlé oṣù àkọ́kọ́ jẹ́ ₦333,333. Nínú ₦339,800 tí ìdílé san, nǹkan bíi ₦6,400 péré ló dín gbèsè kù. Lẹ́yìn ọdún márùn-ún, wọn yóò ti san ohun tó lé ní ₦20 mílíọ̀nù, ìyẹn ni pé wọ́n ti san tó iye tí wọ́n yá. Síbẹ̀, gbèsè tó kù lọ́rùn wọn yóò ṣì tó ₦19.3 mílíọ̀nù.

Àwọn àgbà wa mọ irú gbèsè báyìí. Nígbà àtijọ́, ẹni tó yá owó lè fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà. Ìwọ̀fà á máa ṣiṣẹ́ lóko olówó, ṣùgbọ́n iṣẹ́ náà kì í dín ojú owó kù rárá, nítorí iṣẹ́ náà gan-an ni èlé. Ọdún á máa gorí ọdún, gbèsè á sì wà bó ṣe wà. Ẹni tó fẹ́ ta ilé rẹ̀ lẹ́yìn ọdún mẹ́ta tàbí mẹ́rin nítorí iṣẹ́ bọ́ tàbí àìsàn dé ni ọ̀rọ̀ yìí máa ń kọ́kọ́ yà lẹ́nu.

Owó tí kò sí nínú ìṣirò báńkì

Yàtọ̀ sí èlé, owó ìdákọ́kọ́san wà, tí ìdílé gbọ́dọ̀ fi kún ti báńkì. Owó agbẹjọ́rò wà, owó ẹni tó díye lé ilé, owó awọnlẹ̀, àti owó ìṣàkóso tí báńkì ń gbà. Lábẹ́ òfin ilẹ̀ ti 1978, a kò lè fi ilé tàbí ilẹ̀ tó ní ìwé ìjọba dógò láìsí ìfọwọ́sí Gómìnà, owó sì wà fún ìyẹn. Owó adójútòfò máa ń wà pẹ̀lú. Lẹ́yìn tí a bá kó wọlé, àtúnṣe òrùlé, kànga àti ọ̀dà kò ní dúró de ìgbà tí gbèsè tán.

Òótọ́ ni pé náírà ń dín lágbára. Ní ìparí 2024, òṣùwọ̀n ìgbówólórí ọjà kọjá 34%. Ẹni tí èlé rẹ̀ kò lè yí padà lè rí i pé owó oṣooṣù rẹ̀ rọrùn lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, bí owó iṣẹ́ rẹ̀ bá ń gòkè. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ báńkì máa ń kọ ọ́ sínú ìwé pé àwọn lè gbé èlé sókè nígbà tí ọjà bá yí padà. Àwọn ọmọ wa ní Ìlú Ọba ti rí èyí: òṣùwọ̀n èlé Bank of England tó jẹ́ 0.1% ní 2021 di 5.25% ní oṣù kẹjọ 2023. Ẹni tó ní mọ́géèjì tó ń yí pẹ̀lú ọjà rí owó oṣooṣù rẹ̀ tó ga sókè láìsí pé yàrá kan kún ilé rẹ̀.

Ohun tí ẹ̀sìn wa sọ

Iye owó nìkan kọ́ ló wà níbẹ̀. Nínú Súrátul-Baqarah, áyà 275, Ọlọ́hun ṣe òwò ní hàláàlì, Ó sì ṣe èlé ní háráámù. Nínú hádíìsì tí Muslim gbà wá láti ọ̀dọ̀ Jábir, ègún náà kan ẹni tó ń gba èlé, ẹni tó ń san án, ẹni tó kọ ìwé rẹ̀ àti àwọn ẹlẹ́rìí méjèèjì. Nítorí náà, ẹni tó yá owó kò lè sọ pé báńkì nìkan ni ọ̀rọ̀ kàn.

Ọ̀rọ̀ àwọn ará wa tó wà lókè òkun ti fa àríyànjiyàn láàárín àwọn onímọ̀. Ní 1999, ìgbìmọ̀ fátíwà àwọn Mùsùlùmí Yúróòpù gbà pé ẹni tí kò rí ọ̀nà mìíràn lè fi mọ́géèjì ra ilé kan ṣoṣo tí yóò máa gbé, nítorí ìnira. Ọ̀pọ̀ onímọ̀ mìíràn kò gbà pẹ̀lú wọn. Kò sì sí ẹni tó lè gbé fátíwà yẹn wá sí Nàìjíríà láìbéèrè, nítorí pé báńkì tí kì í gba èlé ti wà níbí: Jaiz bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 2012, TAJBank ní 2019, Lotus Bank sì tẹ̀ lé wọn ní 2021.

Ọ̀nà mẹ́ta tí kò ní èlé

*Muràbáhà:* báńkì á ra ilé, á sì tà á fún wa pẹ̀lú èrè tí a jọ mọ̀. Ẹ jẹ́ ká ní ó rà á ní ₦20 mílíọ̀nù, ó sì tà á fún wa ní ₦36 mílíọ̀nù fún ọdún mẹ́wàá. Owó oṣooṣù jẹ́ ₦300,000, kò sì ní kọjá ₦36 mílíọ̀nù láé, kódà bí ọjà bá dojú rú.

*Ijárà:* báńkì ló ni ilé, àwa ń san owó ìyágbé, a ó sì gba ilé náà ní ìparí. Níwọ̀n ìgbà tí báńkì bá jẹ́ onílé, òun ló ni ẹrù àtúnṣe ńlá.

*Muṣárákà tó ń dín kù:* àwa àti báńkì jọ ra ilé. À ń ra ìpín báńkì díẹ̀díẹ̀, owó ìyágbé tí à ń san lórí ìpín rẹ̀ sì ń dín kù títí ilé á fi di tiwa.

A kò ní tan ẹnikẹ́ni jẹ: hàláàlì kò túmọ̀ sí olówó pọ́ọ́kú. Nígbà mìíràn, muràbáhà lè wọ́n ju èlé 6% ti NHF lọ. Bákan náà, ẹni tó bá san gbèsè muràbáhà tán ṣáájú àkókò kò ní ẹ̀tọ́ sí ẹ̀dínwó àfi bí báńkì bá yọ̀ǹda. Ohun tó yàtọ̀ ni pé iye owó hàn láti ìbẹ̀rẹ̀, gbèsè kì í bímọ bí a bá pẹ́ láti san án, owó ìtanràn tí wọ́n bá sì gbà gbọ́dọ̀ lọ sí ọ̀nà sàárà.

Ikú, ogún àti ilẹ̀ ẹbí

Nínú Súrátun-Nisáì, áyà 11 àti 12, gbèsè òkú àti àsọtẹ́lẹ̀ rẹ̀ ló ṣáájú ogún pípín. Bí bàbá bá kú ní ọdún kẹwàá gbèsè ọgbọ̀n ọdún ti ìlà kẹta, ₦16.7 mílíọ̀nù ló ṣì kù, tí a gbọ́dọ̀ yọ kúrò kí opó àti ọmọ tó rí ìpín. A sì mọ ìtàn Ànọ́bì (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a), tí kò kí ìrun sí òkú onígbèsè lára títí Abu Qatadah fi gba gbèsè náà sọ́rùn.

Ẹ má ṣe fi ilẹ̀ ẹbí ní Òmù-Àrán tàbí Èsìẹ́ dógò fún ilé tí ẹnì kan fẹ́ rà ní ìlú ńlá. Ilẹ̀ ẹbí kì í ṣe ti ọmọ kan ṣoṣo. Láìsí ìfọwọ́sí olórí ẹbí àti àwọn àgbà ẹbí, ìwé bẹ́ẹ̀ lè di ẹjọ́ tí àwọn ọmọ wa yóò jogún.

Kí a tó fọwọ́ síwèé

1. Ẹ béèrè gbogbo owó tí ẹ ó san títí dé òpin, kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀. Áyà 282 nínú Súrátul-Baqarah pa á láṣẹ pé kí a kọ gbèsè sílẹ̀.
2. Ẹ béèrè bóyá owó oṣooṣù lè yí padà, àti ẹni tó ń pinnu rẹ̀.
3. Ẹ béèrè ohun tó máa ṣẹlẹ̀ bí ẹ bá fẹ́ tètè san án tán, bí ẹ bá pẹ́ láti san án, tàbí bí ẹni tó yá a bá kú.
4. Ẹ jẹ́ kí ìyàwó tàbí ọkọ àti àgbà kan nínú ẹbí mọ̀ nípa rẹ̀, kí ẹ sì kọ gbèsè náà sínú ìwé àsọtẹ́lẹ̀ yín.
5. Ẹ gbé ìwé náà lọ bá agbẹjọ́rò àti ààfáà tó mọ ọ̀rọ̀ òwò.

Kíkọ́lé díẹ̀díẹ̀ náà ní ìnira tirẹ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀ 2024, àpò sìmẹ́ńtì kan kọjá ₦10,000 ní ọ̀pọ̀ ọjà, ilé ẹlòmíràn sì dúró sójú fèrèsé. Níbi tí ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù àwọn Mùsùlùmí bá wà, wọ́n lè ra sìmẹ́ńtì àti irin kí wọ́n tà á fún ọmọ ẹgbẹ́ ní àwìn láìsí èlé. Ẹni tó bá ní sùúrù tó sì ní ilẹ̀, ọ̀nà àwọn òbí wa kò tíì di ọ̀nà àná. Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́.

Kí Ọlọ́hun fi ilé hàláàlì ta wá lọ́rẹ, kí Ó má fi gbèsè ṣe ogún fún àwọn ọmọ wa. Àmín.