Eré Àwọn Abo Ẹṣin ní Arlington

Àwa tí a ń gbé òkè Ọya níbí mọ ẹṣin dáadáa. Tí ọdún bá dé, a máa ń gbé àwọn ọmọ wa lé èjìká kí wọ́n lè rí Dúrbà, kí wọ́n rí ẹṣin tó wọ aṣọ aláràbarà tó ń jó bọ̀. Ẹṣin tí mo fẹ́ sọ ìtàn rẹ̀ lónìí kì í ṣe irú ìyẹn. Ẹṣin eré ìje ni, ní Chicago ní Amẹ́ríkà. Abo ni gbogbo wọn, ọmọ ọdún méjì péré sì ni wọ́n.

Ọ̀dọ́mọkùnrin kan nínú ìjọ wa ló sún mi dé ìdí ọ̀rọ̀ yìí. Ó wá bá mi lẹ́yìn ìsìn Ọjọ́rú, ó ní, “Pásítọ̀, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi gbàdúrà, owó ilé-ìwé mi ti wọ bẹ́ẹ̀tì.” Ó gbà mí láyè kí n sọ ọ́, kí n má ṣáà ti dárúkọ òun. Lẹ́yìn tí a gbàdúrà tán, ó bi mí pé nígbà tí ènìyàn bá fi owó lé eré, níbo gan-an ni owó náà ń lọ? Mi ò rí èsì kan gúnmọ́ fún un. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í kàwé, ìwé sì gbé mi dé ọ̀dọ̀ àwọn ẹṣin.

Ìlú kan wà ní ìhà àríwá ìwọ̀-oòrùn Chicago tí wọ́n ń pè ní Arlington Heights. Ní oṣù kẹwàá ọdún 1927, Harry D. Brown ṣí pápá eré ẹṣin kan síbẹ̀. Ní 1929, wọ́n dá eré kan sílẹ̀ níbẹ̀ fún àwọn abo ẹṣin ọlọ́dún méjì tó jẹ́ ẹ̀yà Thoroughbred, wọ́n sì pè é ní Arlington Lassie Stakes. Lassie ni àwọn ará Scotland máa ń pe ọmọdébìnrin.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé ọ̀rọ̀ ọjọ́ orí yìí, torí ó yà mí lẹ́nu. Ní ìhà àríwá ayé, ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ni gbogbo ẹṣin Thoroughbred ń ṣe ọjọ́ ìbí, ìbáà jẹ́ oṣù karùn-ún ni wọ́n bí i. Nítorí náà, èyí tí wọ́n pè ní ọlọ́dún méjì lè má tíì pé ọdún méjì gan-an. Egungun rẹ̀ kò tíì gbó, wọ́n ti gbé ènìyàn lé e lẹ́yìn.

Top Flight wà lára àwọn tó kọ́kọ́ gba eré yìí, ní 1931. Lọ́dún náà, ẹ̀ẹ̀méje ló sáré, ẹ̀ẹ̀méje ló borí. Owó tó pa fún olówó rẹ̀, C. V. Whitney, ju 200,000 dọ́là lọ, lọ́dún kan náà tí àwọn aláìníṣẹ́ ń tò sórí ìlà oúnjẹ ní ìgboro Chicago. Ní 1943, ó kan Twilight Tear láti oko Calumet. Béékìn páúdà ni ìdílé tó ni oko náà fi lówó, ní Chicago níbẹ̀ gan-an, orúkọ páúdà náà ni wọ́n sì fi sọ oko wọn. Nígbà tó di 1944, Twilight Tear ti ń na àwọn akọ tó dàgbà jù ú lọ, òun sì ni abo àkọ́kọ́ tí àwọn tó ń dìbò yàn ní Ẹṣin Ọdún.

Ṣùgbọ́n Bewitch ni mo fẹ́ràn jù. Oko Calumet ló tún ni ín. Ó gba Lassie ní 1947, ó sì tún gba Princess Pat Stakes, eré abo ẹṣin ọlọ́dún méjì mìíràn ní pápá Washington Park tó wà ní gúúsù Chicago. Lẹ́yìn náà ni wọ́n mú un wọ Washington Park Futurity, níbi tó ti bá akọ ẹṣin sáré. Ó borí. Èyí tó gbẹ́yìn tẹ̀ lé e ni Citation, ọmọ oko kan náà, tó gba adé mẹ́ta tó ga jù ní Amẹ́ríkà lọ́dún kejì. Àwọn kan ní àwọn ará oko náà ti jọ sọ ọ́ pé ẹni tó bá ti ṣíwájú, kí àwọn yòókù má lé e mọ́. Ó lè rí bẹ́ẹ̀. Ọmọbìnrin ló ṣáà wà níwájú.

Ọkùnrin kan ṣoṣo, Benjamin Lindheimer, ló wá ń darí pápá méjèèjì. Nígbà tó kú ní 1960, ọmọ rẹ̀ obìnrin, Marjorie Everett, gbà á. Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960 ni wọ́n pa Lassie àti Princess Pat pọ̀ di Arlington-Washington Lassie.

Ibí ni ìtàn náà ti dọ̀rọ̀ tiwa. Ní Illinois, ìjọba ló ń pín ọjọ́ eré fún àwọn pápá, ẹni tó bá sì rí ọjọ́ tó dára gbà ló máa pa owó. Otto Kerner ni gómìnà nígbà náà. Ó ra ìpín nínú okòwò eré ẹṣin ní owó pọ́ọ́kú, ó sì tà á ní owó gọbọi. Ìwé ìtàn sọ pé ibi ìwé owó-orí ni àṣírí ti tú, torí wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ bí ẹni tó kọ owó epo ọkọ̀ sílẹ̀, pé ìnáwó iṣẹ́ ni. Everett fúnra rẹ̀ jẹ́rìí ní kóòtù. Ní 1973, wọ́n dá Kerner lẹ́bi rìbá, nígbà tó ti di adájọ́ ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ti ìjọba àpapọ̀.

Ohun tó dùn mí níbẹ̀ ni pé Kerner kan náà ni Ààrẹ Johnson fi ṣe alága ìgbìmọ̀ tó wádìí rògbòdìyàn àwọn ìgboro aláwọ̀ dúdú ní 1967. Ìròyìn wọn ní 1968 sọ ọ́ lójúkojú fún Amẹ́ríkà pé ó ń pín sí méjì, dúdú lọ́tọ̀, funfun lọ́tọ̀, kò sì sí ìdọ́gba láàárín wọn. Òtítọ́ ńlá lẹnu rẹ̀ sọ. Ọwọ́ rẹ̀ ńkọ́?

Wàyí o, owó tẹ́tẹ́. Ní pápá ẹṣin, wọn á da owó gbogbo àwọn tó ta tẹ́tẹ́ pọ̀ sójú kan. Pápá á mú tirẹ̀, ìjọba á mú tirẹ̀, kí wọ́n tó pín ìyókù fún àwọn tó jẹ. Ìpín àwọn méjì yìí kì í yẹ̀, ẹṣin yòówù kó borí. Nínú ìpín pápá ni púpọ̀ nínú ẹ̀bùn àwọn ẹṣin ti ń wá, àwọn olówó ẹṣin náà sì ń san owó ìforúkọsílẹ̀ tiwọn. Èsì tí mo padà fún ọ̀dọ́mọkùnrin yẹn nìyí. Ó dákẹ́ lọ títí, ó wá ní, “Pásítọ̀, wọ́n ti jẹ kí n tó ta á.”

Ní ọjọ́ 31 oṣù keje ọdún 1985, iná jó ilé ìwòran Arlington. Ní ọjọ́ 25 oṣù kẹjọ, kò tíì pé oṣù kan, wọ́n ta àgọ́, wọ́n sì sá eré wọn tó tóbi jù, Arlington Million, lójú àwọn ènìyàn tó lé ní 35,000. Iná kò pa á. Tẹ́tẹ́ mìíràn ló pa á. Kasínò inú ọkọ̀ ojú omi dé sí Illinois, àwọn atatẹ́tẹ́ sì ń kó owó wọn lọ síbẹ̀. Richard Duchossois tó ni pápá ti ìlẹ̀kùn rẹ̀ ní 1998 àti 1999. Wọ́n ṣí i padà ní 2000, lọ́dún náà ló sì bọ́ sábẹ́ ilé-iṣẹ́ Churchill Downs. Ní 2019, òfin gba àwọn pápá ẹṣin láyè láti ṣe kasínò tiwọn. Churchill Downs kọ̀ ọ́ fún Arlington, bẹ́ẹ̀ ìpín tó pọ̀ jù nínú kasínò Rivers tí kò jìnnà síbẹ̀ ti wà lọ́wọ́ wọn. Ta ni yóò kọ́ ṣọ́ọ̀bù síwájú ṣọ́ọ̀bù ara rẹ̀?

Ọjọ́ 25 oṣù kẹsàn-án ọdún 2021 ni wọ́n sáré kẹ́yìn níbẹ̀. Ní 2023, ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù Chicago Bears ra ilẹ̀ náà ní mílíọ̀nù 197.2 dọ́là, wọ́n sì wó ilé ìwòran náà lọ́dún náà. Arlington Million rí ẹni gbé e lọ, Virginia ni wọ́n ti ń sá a báyìí. Kò sẹ́ni tó gbé Lassie.