Ìdìbò Agbẹjọ́rò Àgbà ní Ìpínlẹ̀ Alabama, Ọdún 1954

Ní Nàìjíríà, gómìnà ni ó ń yan agbẹjọ́rò àgbà ìpínlẹ̀ rẹ̀, tí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin yóò sì fọwọ́ sí i. Ní ìpínlẹ̀ 43 nínú 50 tí ó wà ní Amẹ́ríkà, àwọn ará ìlú ni wọ́n ń dìbò yàn án. Ìtàn ìdìbò Alabama ti ọdún 1954 fi hàn bí agbára ipò yìí ti pọ̀ tó, àti ẹni tí ìbò lè gbàgbé.

Ìlú Phenix City wà létí odò Chattahoochee, kò sì jìnnà sí bárékè àwọn ọmọ ogun ní Fort Benning. Àwọn onítẹ́tẹ́ àti àwọn onílé aṣẹ́wó ń jẹ owó oṣù àwọn ọmọ ogun wọ̀nyí run, àwọn agbófinró tí ó yẹ kí ó mú wọn sì ń gba rìbá. Agbẹjọ́rò kan, Albert Patterson, jáde du ipò agbẹjọ́rò àgbà. Ó ṣèlérí pé òun yóò fọ ìlú náà mọ́. Láyé ìgbà náà, ẹni tí ó bá wọlé nínú ìdìbò abẹ́lé ẹgbẹ́ Democratic ni ó ti wọlé tán. Patterson fi ìbò díẹ̀ borí ní oṣù kẹfà, bí àwọn kan tilẹ̀ gbìyànjú láti yí iye ìbò padà. Ní ọjọ́ 18 oṣù náà, wọ́n yìnbọn pa á nítòsí ọ́fíìsì rẹ̀.

Ikú rẹ̀ kò pa ète rẹ̀. Gómìnà Gordon Persons fi àwọn ológun sí ìlú náà, wọ́n ti ilé tẹ́tẹ́ pa, wọ́n sì fọ́ ẹ̀rọ wọn. Ní 1955, ilé ẹjọ́ dá ẹ̀wọ̀n gbére fún Albert Fuller, igbákejì olórí agbófinró àgbègbè náà, nítorí ìpànìyàn yìí. John Patterson, ọmọ olóògbé, ni a fi rọ́pò bàbá rẹ̀, ó sì gorí ipò náà ní oṣù kìíní ọdún 1955.

Ṣùgbọ́n pàṣán tí a fi na ìyálé ń bẹ lájà fún ìyàwó. Ní 1956, John Patterson yìí kan náà gba ilé ẹjọ́ lọ láti dá iṣẹ́ NAACP, ẹgbẹ́ tí ń jà fún ẹ̀tọ́ àwọn aláwọ̀ dúdú, dúró ní Alabama. Ilé ẹjọ́ ní kí ẹgbẹ́ náà kó orúkọ àwọn ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀ sílẹ̀. Wọ́n kọ̀, nítorí wọ́n mọ ìyà tí yóò jẹ ẹni tí orúkọ rẹ̀ bá hàn. A sì bu owó ìtanràn dọ́là 100,000 lé wọn. Ní 1958, gbogbo adájọ́ ilé ẹjọ́ tí ó ga jù lọ ní Amẹ́ríkà dá ẹgbẹ́ náà láre. Síbẹ̀, ó di 1964 kí ó tó tún rí àyè ṣiṣẹ́ ní Alabama. Ní 1958 yìí kan náà ni àwọn olùdìbò sọ Patterson di gómìnà.

Ìdí rẹ̀ kò fara sin. Owó orí ìdìbò àti ìdánwò ìmọ̀ọ́kọ-mọ̀ọ́kà ti lé ọ̀pọ̀ aláwọ̀ dúdú kúrò nídìí àpótí ìbò. Òfin ẹ̀tọ́ ìdìbò ti ọdún 1965 ni ó tó ṣí ọ̀nà fún wọn. Àwọn tí ó dìbò rí ààbò lọ́wọ́ àwọn ọ̀daràn. Àwọn tí a kò jẹ́ kí ó dìbò ni òfin yíjú sí. Ẹni tí kò sí níbi tí a ti ń yan olùṣọ́, kò lè mọ̀ bóyá òun ni a yàn án láti ṣọ́, tàbí òun ni a yàn án láti lé.